Ogun ti tán lójú pápá, kò tíì tán lára ẹni: kí ni a lè ṣe fún àwọn tó là á já?

Abẹ́ní_Nọ́ọ̀sì kọ:

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ará ilé. Láti ọdún 2009 tí ogun Boko Haram ti bẹ̀rẹ̀ ní Borno, kò sí ìpínlẹ̀ kan lórílẹ̀-èdè yìí tí kò ní sójà tó ti ibẹ̀ bọ̀ tàbí ogúnléndé tó sá kúrò níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan náà ni àwọn ẹbí wọn ń gbé wá sí ilé ìwòsàn: ọmọ wa dé, a dúpẹ́, apá pé, ẹsẹ̀ pé, àmọ́ kì í sùn. Bí wọ́n bá yin báńgà lóṣù Ọ̀pẹ, ilẹ̀ ló ń fò mọ́. Kì í jókòó kó kẹ́yìn sí ilẹ̀kùn. Ọmọ tó bí ń pè é ní bàbá, ojú lásán ló fi ń wò ó. Àwọn kan ní ọtí ló bà á jẹ́, àwọn kan ní ayé ló ń ṣe é, àwọn kan ní kò fẹ́ràn ìyàwó rẹ̀ mọ́ ni.

Mo mọ̀ pé àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ yìí wà lórí òpó yìí. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa dáhùn: báwo la ṣe máa mọ̀ pé ó ti kọjá ìpayà lásán? Ìtọ́jú wo ló ń ṣiṣẹ́, báwo ni wọ́n ṣe ń ṣe é gan-an? Kí ni ará ilé lè ṣe lálẹ́ òní? Kí sì ni àwọn ohun tí à ń ṣe tó ń dá kún un? Ẹ má dárúkọ aláìsàn kankan o, bó ti wù kó rí.

---

Oníṣègùn_Ọpọlọ fèsì:

Ẹ ṣé gan-an, Nọ́ọ̀sì. Ẹ jẹ́ n bẹ̀rẹ̀ láti ìdí.

Ní ojú ogun, ẹni tí ìró kékeré ń jí lójú oorun, tó ń wo ẹ̀yìn wò, tó ń wá ọ̀nà àbájáde kó tó jókòó, ara tó pé ló ní. Ìyẹn ló dá a sí. Apá kan wà nínú ọpọlọ tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti kígbe ewu kí èèyàn tó ráyè ronú. Apá mìíràn wà tó ń fi ọjọ́ àti ibi sí ara ìrántí. Lọ́jọ́ àjálù, ti àkọ́kọ́ a ṣiṣẹ́ àṣejù, èkejì kò ní rí iṣẹ́ tirẹ̀ ṣe dáadáa. Nítorí náà ni ìrántí ogun kì í fi í dà bí ìrántí ọjọ́ ìgbéyàwó. Kò ní àná, kò ní èṣí. Bó bá ti dé, ó ń ṣẹlẹ̀ nísinsìnyí ni.

Fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin àkọ́kọ́, ẹ má tètè pè é ní àìsàn. Àlá burúkú, ẹkún òjijì, àìsùn, gbogbo rẹ̀ ló wọ́pọ̀, èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn èèyàn ni ara wọn ń bọ̀ sípò fúnra rẹ̀. Bó bá kọjá oṣù kan, tó sì ń dí iṣẹ́, ilé tàbí oorun lọ́wọ́, ìgbà yẹn là ń fura sí PTSD, ìyẹn àìsàn ọkàn tí àjálù ń fi síni lára. Ọ̀nà mẹ́rin ni àmì rẹ̀ pín sí. Èkíní, kí ogun máa padà wá: àlá, ìran lójú ọ̀sán, kí àyà máa já nítorí òórùn kan tàbí ìró kan. Èkejì, sísá: kì í gba ọ̀nà kan, kì í wo ìròyìn, kì í sọ ọ̀rọ̀ ibẹ̀. Ẹ̀kẹta, kí ìrònú àti ìfẹ́ yí padà: ó ń dá ara rẹ̀ lẹ́bi, kò fọkàn tán ẹnikẹ́ni, ayọ̀ kò wọlé sí i lára. Ẹ̀kẹrin, kí ara wà lójúfò ṣáá: ìbínú òjijì, ìfòyà, àìlèfọkàn sí nǹkan, eré àsápajúdé lórí ọ̀kadà. Kí dókítà tó pè é ní PTSD, ó gbọ́dọ̀ rí ó kéré tán ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú àwọn méjì àkọ́kọ́, àti méjì méjì nínú àwọn méjì tó kù.

Ìwé ìbéèrè kan wà tí wọ́n ń pè ní PCL-5. Ìbéèrè 20 ló wà níbẹ̀, èèyàn á fún ọ̀kọ̀ọ̀kan ní òdo sí mẹ́rin nípa oṣù tó kọjá, àròpọ̀ rẹ̀ kò lè ju 80. Bí ó bá tó 31 sí 33, ó yẹ kó rí dókítà. Kò sọ pé dájúdájú ó ti ní i, ó kàn ń tọ́ka ni. Ìbéèrè kan náà wúlò lẹ́yìn ìtọ́jú, kí a lè mọ̀ bóyá ó ń lọ sílẹ̀.

Ohun kan tí a máa ń gbójú fò: sójà tí bọ́ǹbù ojú ọ̀nà bú lẹ́bàá rẹ̀ lè ní ìpalára ọpọlọ fúnra rẹ̀. Ẹ bi í léèrè: ṣé o dákú? Ṣé wákàtí kan wà lọ́jọ́ náà tí o kò rántí? Ṣé orí máa ń fọ́ ọ, tí ojú ń ṣú ọ, tí ìmọ́lẹ̀ ń dùn ọ́ lójú? Bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, àyẹ̀wò ọpọlọ gbọ́dọ̀ wà pẹ̀lú ìtọ́jú ọkàn. Àìsàn méjèèjì máa ń jọ gbé inú ara kan, oògùn tó bá ọ̀kan mu sì lè mú orí máa kóyì fún ẹni tí èkejì ń bá jà.

Kì í sì í ṣe PTSD nìkan ni ogun ń fi sílẹ̀. Ìṣirò tí Àjọ Ìlera Àgbáyé gbé jáde ní 2019 ni pé nínú èèyàn márùn-ún tó ń gbé níbi tí ogun ti jà láàárín ọdún mẹ́wàá sẹ́yìn, bí ẹnì kan ló ní àìsàn ọkàn kan tàbí òmíràn, ìrẹ̀wẹ̀sì àti ìpayà sì wà lára wọn.

---

Akọ̀wé_Ìtàn fèsì:

Ẹ jẹ́ n fi díẹ̀ kún un, kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé ọ̀lẹ ló ń ṣe àwọn ọmọ ìsinsìnyí. Oṣù Èrèlé 1915 ni Charles Myers, dókítà tó ń bá àwọn sójà Gẹ̀ẹ́sì ṣiṣẹ́ ní Faransé, kọ̀wé nípa àìsàn yìí nínú Lancet, ìwé ìròyìn àwọn dókítà, lábẹ́ orúkọ shell shock. Wọ́n kọ́kọ́ rò pé ìbúgbàmù àgbá ló mi ọpọlọ. Kò pẹ́ tí wọ́n fi rí i pé àwọn tí àgbá kò bú nítòsí wọn rárá náà ń wárìrì. Síbẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì yìnbọn pa àwọn sójà tirẹ̀ 306 nínú ogun yẹn lórí ẹ̀sùn bíi pé wọ́n sá tàbí pé wọ́n ṣojo. Ọdún 2006 ni ìjọba ibẹ̀ tó dárí jì wọ́n, lẹ́yìn àádọ́rùn-ún ọdún. Orúkọ PTSD kò wọ ìwé àwọn dókítà ọpọlọ Amẹ́ríkà títí di 1980, lẹ́yìn tí àwọn tó ti Vietnam bọ̀ ti pariwo fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Nílé wa ńkọ́? Lantoro ní Abẹ́òkúta, tó jẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n tẹ́lẹ̀, ọdún 1944 ló di ibi ìtọ́jú, àwọn sójà tí ọpọlọ wọn dàrú tí wọ́n dá padà láti ojú ogun Hitler sì wà lára àwọn tí wọ́n kọ́kọ́ kó síbẹ̀. Láti ibẹ̀ ni ilé ìwòsàn Àró ti yọ. Nígbà tí Thomas Adéoyè Lambo, dókítà ọpọlọ, dé Àró ní 1954, ó ní kí aláìsàn máa gbé ní abúlé tó wà nítòsí pẹ̀lú ẹbí kan tó ń sè fún un, kó máa wá gba ìtọ́jú lọ́sàn-án. Ẹ̀kọ́ ńlá nìyẹn fún àwa tí à ń ti sójà mọ́lé nítorí ìtìjú.

---

Ìyá_Aláṣọ fèsì:

Ẹ ṣé o, ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé. Ìbéèrè mi rèé. Àwọn àgbà ń ní kí a má tú egbò tó ti ń san, pé bí kò bá fẹ́ sọ ọ́, kí a fi í lọ́rùn sílẹ̀. Ní ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí ẹ̀wẹ̀, wọn á ní kó bọ́ síwájú kó wá sọ bí Ọlọ́run ṣe yọ ọ́, ìjọ á pàtẹ́wọ́. Ó wọ́pọ̀ kí irú ẹni bẹ́ẹ̀ má sùn fún ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn ẹ̀rí. Èwo ni ká gbà: kó sọ, àbí kó má sọ?

---

Olùgbọ́ràn fèsì fún Ìyá_Aláṣọ:

Ìyá wa, ìbéèrè yín gan-an ni ọkàn ọ̀rọ̀ náà. Kì í ṣe sísọ ló ń wò ó sàn, kì í sì í ṣe sísọ ló ń pa á lára. Bí a ṣe sọ ọ́ ni, ẹni tí a sọ ọ́ fún, àti ibi tí a ti dúró.

Sísọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo lójú ọ̀pọ̀ èèyàn, kí a sì dá a dúró níbi tó burú jù, ń mú kí ìpayà tún jí ni. Nígbà kan, àwọn amọṣẹ́ fúnra wọn máa ń kó àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ nínú àjálù jọ, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan sọ gbogbo rẹ̀ ní ìjókòó kan. Ìwádìí fi hàn pé kò dènà PTSD, ó tilẹ̀ pa àwọn kan lára. Wọ́n ti fi í sílẹ̀. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́, ohun tí à ń ṣe kò ju mẹ́ta lọ: ẹ wò ó bóyá ó wà láìséwu, ẹ fetí sí i bó bá fẹ́ sọ̀rọ̀, ẹ so ó pọ̀ mọ́ ẹbí, oúnjẹ àti ìtọ́jú. Ẹ má fipá bi í ní ìbéèrè.

Ṣùgbọ́n lẹ́yìn oṣù kan, bí kò bá sàn, ìdákẹ́ kò ní wò ó. Ìtọ́jú kan wà tí mo fẹ́ ṣàlàyé dáadáa nítorí pé àgọ́ ogúnléndé nílẹ̀ Áfíríkà ni wọ́n ti dán an wò. Narrative Exposure Therapy ni, NET ni gbogbo wa ń pè é. Àwọn onímọ̀ láti Konstanz ní Jámánì ló gbé e kalẹ̀. Ní àgọ́ Imvepi ní Uganda, wọ́n fi tọ́jú àwọn ọmọ Sudan tí ogun lé wá, ìjókòó mẹ́rin péré. Ọdún kan lẹ́yìn náà, àwọn tó ṣì ní PTSD nínú wọn jẹ́ 29 nínú ọgọ́rùn-ún. Nínú àwọn tí wọ́n kàn là lọ́yẹ̀ nípa àìsàn náà, ó jẹ́ 80. Ìwádìí kékeré ni, èèyàn 43 ni gbogbo wọn, ṣùgbọ́n àwọn mìíràn ti tẹ̀ lé e.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyí. Ìjókòó àkọ́kọ́ wà fún àlàyé àti àkójọ irú àjálù tó ti rí: ìyà, ìjínigbé, ikú lójú ẹni, ìfipábánilòpọ̀, ebi. Bí irú rẹ̀ bá ṣe pọ̀ tó ni ewu PTSD ṣe ń ga sí i, nítorí náà ẹ má fi mọ sórí "ọjọ́ burúkú kan" ṣoṣo.

Ní ìjókòó kejì, a ó na okùn sílẹ̀. Ìbí wà ní ìpẹ̀kun kan. Ìpẹ̀kun kejì a ó fi í sílẹ̀ ní kíká, nítorí pé ayé rẹ̀ kò tíì parí. Yóò máa fi òdòdó sí ibi tí ohun rere ti ṣẹlẹ̀, òkúta sí ibi àjálù, kékeré fún kékeré, ńlá fún ńlá. Bó bá jẹ́ pé òun náà ti pa èèyàn tàbí ṣe èèyàn níkà, igi ni ti ìyẹn. Orúkọ nìkan ni a ó fún òkúta kọ̀ọ̀kan lọ́jọ́ náà: "ọjọ́ tí wọ́n kọlu bárékè", kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ má bá a wọnú rẹ̀. A ó ya àwòrán okùn náà sínú ìwé kí a tó ká a.

Láti ìjókòó kẹta lọ, ó bẹ̀rẹ̀ sí sọ ìtàn ayé rẹ̀ láti ìgbà èwe, ní títẹ̀léra. A ó yára kọjá ibi tí nǹkan ti rọ̀, bí a bá dé òkúta, ẹsẹ̀ á dúró. Ìgbà wo ni, òjò ni àbí ẹ̀ẹ̀rùn? Níbo lo dúró sí? Kí lo rí, kí lo gbọ́, òórùn wo? Kí ni àyà rẹ ń ṣe nígbà náà, kí ló ń ṣe báyìí bí o ṣe ń sọ ọ́? Kí lo rò? Ìbéèrè "nígbà náà" àti "báyìí" yìí ni gbọ̀ngbò iṣẹ́ náà, òun ló ń fi ọjọ́ àti ibi lé ìrántí tí kò ní wọn. Ìpayà á ga, ara á gbọ̀n, òógùn á bò ó. A kò ní dá a dúró níbẹ̀. A ó dúró tì í títí yóò fi rọlẹ̀, a ó sì bá a kọjá sí ohun tó tẹ̀ lé e: ta ló gbé ọ, omi wo lo mu, níbo lo sùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn? Ìdí nìyí tí ìjókòó kan fi ń tó ìṣẹ́jú 90 sí 120. Lẹ́yìn tó bá lọ, olùtọ́jú á kọ ìtàn náà sílẹ̀. Nígbà mìíràn tó bá dé, a ó kà á sí i létí, á tún ohun tó yẹ ṣe, á sì tẹ̀ síwájú. Lọ́jọ́ ìkẹyìn, a ó ka gbogbo rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, òun, olùtọ́jú, àti ògbufọ̀ bó bá wà, á buwọ́ lù ú, ìwé náà á sì di tirẹ̀.

Níbo ló ti ń bàjẹ́? Ọ̀nà tó wọ́pọ̀ jù ni kí àánú ṣe olùtọ́jú, kó ní "ó tó, a ó máa bá a lọ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀" nígbà tí ẹ̀rù wà lókè téńté. Ẹni náà á gbé ẹ̀rù yẹn lọ sílé. Òmíràn ni kí ọkàn aláìsàn fò lọ: ojú á dúró sójú kan, ohùn á rẹlẹ̀, kò ní gbọ́ wa. Ẹ má dákẹ́. Ẹ pe orúkọ rẹ̀, kó dìde dúró, kó fi àtẹ́lẹwọ́ ti àtẹ́lẹwọ́, kó di omi tútù mú, kó fún iṣan ẹsẹ̀ rẹ̀ le, kó dárúkọ ohun márùn-ún tó ń rí nínú yàrá. Ẹ̀kẹta ni ògbufọ̀ tó ń gé ọ̀rọ̀ kúrú nítorí pé òun náà kò lè gbọ́ ọ. Ẹ múra ògbufọ̀ sílẹ̀ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

Ẹ má sì bẹ̀rẹ̀ NET fún ẹni tó ń gbèrò láti pa ara rẹ̀ lọ́wọ́lọ́wọ́, ẹni tó ń gbọ́ ohùn tí kò sí, ẹni tó mutí wá, tàbí ẹni tó ṣì ń gbé inú ilé kan náà pẹ̀lú ẹni tó ń lù ú. Ààbò ni kó kọ́kọ́ wà.

Àwọn ìtọ́jú mìíràn wà tó dára: CPT, tó ń yẹ èrò ẹni nípa àjálù náà wò, tó máa ń jẹ́ ìjókòó 12, Prolonged Exposure, tó ń mú kó dojú kọ ohun tó ń sá fún díẹ̀díẹ̀, tó jẹ́ mẹ́jọ sí 15, àti EMDR, tí aláìsàn ń rántí àjálù náà bí ojú rẹ̀ ṣe ń tẹ̀ lé ohun tó ń lọ sọ́tùn-ún sósì. Bí ilé ìwòsàn yín bá ní ẹni tó kọ́ ọ̀kan nínú wọn, ẹ gbà á. Ohun tí gbogbo wọn jọ ní ni pé wọn kì í sá fún ìrántí náà.

---

Apòògùn_Òṣogbo fèsì:

Ẹ jẹ́ n sọ ti oògùn, nítorí ibẹ̀ ni èèyàn ti ń kú.

Sertraline ni èyí tí dókítà sábà máa ń kọ́kọ́ kọ. 25 mg lójúmọ́ fún ọ̀sẹ̀ kan, lẹ́yìn náà 50 mg, dókítà lè gbé e sókè díẹ̀díẹ̀, kò ní kọjá 200 mg. Ọ̀sẹ̀ mẹ́rin sí mẹ́fà kí ẹ tó máa retí àyípadà. Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, inú lè máa ru, orí lè máa fọ́. Níbẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń sọ oògùn nù, tí wọ́n á ní kò ṣiṣẹ́. Ẹ ṣọ́ àwọn ọ̀dọ́ tí kò tíì pé ọmọ ọdún 25 dáadáa láàárín ọ̀sẹ̀ wọ̀nyẹn, nítorí èrò àtipa ara ẹni lè kọ́kọ́ pọ̀ sí i. Bí ara bá sì dá, ẹ má dá a dúró lójijì, dókítà ni yóò máa dín in kù.

Ohun tó ń bà mí nínú jẹ́ jù nìyí: tramadol. Sójà púpọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí lò ó lójú ogun nítorí ìrora àti àárẹ̀. Tramadol pẹ̀lú sertraline lè fa gìrì, ó lè mú ara gbóná, kí ó máa gbọ̀n, kí ọpọlọ dàrú. Bí dókítà kò bá bi yín, ẹ̀yin ẹ sọ fún un. Kí a má fi ìtìjú pa èèyàn.

Diazepam àti àwọn ẹbí rẹ̀ ń mú oorun wá lálẹ́ àkọ́kọ́, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń tà á ní kẹ́míìsì láìgba ìwé dókítà. Àjọ Ìlera Àgbáyé kò gbà kí a fi tọ́jú ìpayà oṣù àkọ́kọ́ lẹ́yìn àjálù, ìlànà ìtọ́jú àwọn sójà Amẹ́ríkà náà kò gbà á fún PTSD. Ó ń di bárakú, kì í jẹ́ kí ọpọlọ kọ́ ẹ̀kọ́ tí Olùgbọ́ràn ṣàlàyé lókè yẹn, bí ọtí bá sì dà á pọ̀, èémí lè dá. Ní ti prazosin fún àlá burúkú, ìdánwò ńlá kan láàárín àwọn sójà Amẹ́ríkà tó jáde ní 2018 kò rí i pé ó ju oògùn asán lọ. Àwọn dókítà kan ṣì ń lò ó. Bí wọ́n bá kọ ọ́ fún un, àkọ́kọ́ kò gbọ́dọ̀ ju 1 mg nígbà tó bá fẹ́ sùn, kó sì jókòó díẹ̀ kó tó dìde lórí ibùsùn, nítorí ó lè mú kí èèyàn ṣubú.

---

Mọ́remí_Bárékè fèsì:

Àwọn aya sójà tí à ń bá ṣe ìpàdé ń bi nípa ilé, nítorí náà ti ilé ni n ó sọ.

Bó bá ń pariwo lójú àlá, ẹ má fọwọ́ kàn án, ẹ má mì í. Ọrùn yín ló lè kọ́kọ́ dì mú kí ojú rẹ̀ tó là. Ẹ tan iná, ẹ dúró níbi ẹsẹ̀ rẹ̀, ẹ pe orúkọ rẹ̀ ní ohùn pẹ̀lẹ́, ẹ sọ ibi tí ẹ wà fún un: "Bàbá Tọ́pẹ́, èmi ni. Ilé wa ní Ìbàdàn la wà. Ọjọ́ Ẹtì ni. Ìlẹ̀kùn ti wà ní títì." Ẹ fún un lómi. Ẹ má bi í kí ló lá lóru yẹn.

Lójú mọ́mọ́, bó bá jẹ́ àlá kan náà ló ń padà wá, kó kọ ọ́ sílẹ̀ ní ṣókí, kó wá yí ìparí rẹ̀ padà bó ṣe wù ú, kó sì máa fi èyí tuntun sọ́kàn fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí ogún lójoojúmọ́ ní ojú ọ̀sán. Ọ̀pọ̀ ni àlá wọn ti dín kù bẹ́ẹ̀. Kó má jẹ obì, kó má mu kọfí lẹ́yìn ọ̀sán. Bó bá ti tó ogún ìṣẹ́jú tí oorun kò wá, kó dìde lórí ibùsùn, kó lọ jókòó níbòmíràn títí oorun á fi dé.

Báńgà: ẹ sọ fún àwọn aládùúgbò, ẹ jẹ́ kó mọ ọjọ́ àti àsìkò tí wọ́n fẹ́ yìn ín. Ìró tí a ti ń retí kì í ṣe é bí èyí tó bá a lójijì. Àmọ́ ẹ má fi ẹ̀mí ìfẹ́ sé e mọ́lé títí ọdún á fi parí. Ohun tí èèyàn bá ń sá fún, ṣe ni ẹ̀rù rẹ̀ ń dàgbà. Bó bá jẹ́ ọjà ló ń bà á lẹ́rù, ẹ bá a lọ ní aago méje àárọ̀ tí èrò kò tíì pọ̀, kó dúró títí ẹ̀rù yóò fi dín kù dé ìdajì, kó wá padà sílé. Ẹ tún un ṣe títí yóò fi di nǹkan lásán, kí ẹ tó lọ ní aago mẹ́wàá.

Ìbínú: ẹ jọ fẹnu kò lórí àmì kan nígbà tí ara rẹ̀ balẹ̀. Ẹni tó bá ṣe àmì náà á jáde fún ogún ìṣẹ́jú, ó sì gbọ́dọ̀ padà wá. Ẹ̀yin obìnrin, ẹ gbọ́ mi o. Àìsàn yìí kò fún ẹnikẹ́ni láṣẹ láti lu ìyàwó tàbí ọmọ. Bó bá ti dé orí lílù, ẹ kó àwọn ọmọ lọ sílé ẹbí kí ẹ tó máa ronú ìtọ́jú rẹ̀.

Bó bá ń sọ pé òun ti di ẹrù lọ́rùn ẹbí, tó ń pín dúkìá rẹ̀, ẹ bi í ní tààrà: "Ṣé o ń rò ó láti pa ara rẹ?" Ìbéèrè yẹn kì í fi èrò sí i lọ́kàn. Ẹ kó ìbọn, oògùn apakòkòrò àti oògùn oníhóró kúrò nílé lọ́jọ́ yẹn gan-an, ẹ má fi í dá wà, ẹ gbé e lọ sílé ìwòsàn.

Fún ọmọdé tó rí ogun: ọmọ tó ti dẹ́kun títọ̀ sílé tó tún bẹ̀rẹ̀, ọmọ tó ń fi ìkọlù ṣe eré léraléra, ẹ má nà án. Ẹ jẹ́ kó padà sí iléèwé kíákíá, kí àkókò oúnjẹ àti oorun má máa yí padà.

---

Bàbá_Àgbà_Ìkirè fèsì:

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ̀yin ọmọ mi. Mo ti ka gbogbo rẹ̀. Ohun kan ṣì kù tí ẹ kò fọwọ́ kàn. Ẹni tó pa èèyàn lógun kò ní ẹ̀rù nìkan, ó ní ẹ̀jẹ̀ lọ́rùn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìjọba ló rán an. Ìwẹ̀nùmọ́ ló yẹ irú ẹni bẹ́ẹ̀, kí ó tó bá ará ilé jẹun. Ní Mozambique, lẹ́yìn tí wọ́n fọwọ́ sí àdéhùn àlàáfíà ní 1992, wọ́n wẹ àwọn ọmọdé tí wọ́n ti fi ṣe sójà ní abúlé wọn. Ní àwọn ibì kan, wọ́n kọ́ ahéré koríko, ọmọ náà á bọ́ aṣọ ogun sínú rẹ̀, wọ́n á dáná sun ún, wọ́n á wẹ̀ ẹ́ pẹ̀lú ewé, á sì lọ láìbojú wẹ̀yìn. Wọn kò bi í léèrè ohun tó ṣe. Ṣé ẹ ó ní èyí kò wúlò ni?

---

Olùgbọ́ràn fèsì fún Bàbá_Àgbà_Ìkirè:

Ẹ kú àgbà, Bàbá. Ó wúlò gan-an, n kò sì ní bá yín jiyàn lórí ìyẹn. Ìwádìí tí wọ́n ti ń ṣe láti 2002 lórí àwọn ọ̀dọ́ tí ogun Sierra Leone lò fi hàn pé àwọn tí ẹbí àti àdúgbò gbà mọ́ra ni ọkàn wọn ń fìdí múlẹ̀ jù, àwọn tí wọ́n ń nàka sí ni tiwọn ń burú sí i. Ìwẹ̀nùmọ́ ń sọ fún gbogbo abúlé pé ẹni yìí ti di tiwa padà, ó sì ń sọ fún òun náà. Kò sí oògùn tó lè ṣe ìyẹn.

Ohun tí kò lè ṣe fún gbogbo èèyàn ni kó dá àlá dúró. Bó bá wẹ̀ tán tí kò sùn lẹ́yìn oṣù kan, ẹ jẹ́ kó wá. Ohun tí mo kọ̀ pátápátá ni ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀, ẹgba, àti ààwẹ̀ tó ní kó dá oògùn rẹ̀ dúró.

Ní ti ẹ̀jẹ̀ lọ́rùn tí ẹ sọ, ìtìjú àti ẹ̀bi yìí yàtọ̀ sí ẹ̀rù, ó sì ń fẹ́ ìtọ́jú tirẹ̀. Ẹ má yára ní "kì í ṣe ẹ̀bi rẹ". Ìyẹn ń ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn lójú ni. Ìbéèrè ni kí ẹ fi bá a ṣiṣẹ́: kí lo mọ̀ ní ìṣẹ́jú yẹn, kì í ṣe ohun tí o wá mọ̀ lẹ́yìn náà? Ọ̀nà wo mìíràn ló wà nílẹ̀ lóòótọ́? Àwọn wo tún lọ́wọ́ sí i, ta ló pàṣẹ, ta ni kò fi ìrànwọ́ ránṣẹ́? Bí ó bá sì jẹ́ pé lóòótọ́ ló ṣe ibi, kí ló lè ṣe báyìí láti tún un ṣe fún ẹbí ẹni náà tàbí fún àwọn mìíràn? Níbí ni ẹbọ, àdúrà, ìjẹ́wọ́ tàbí sàárà ti ní àyè wọn, ní ìlànà ẹ̀sìn tí òun fúnra rẹ̀ ń ṣe.

---

Abẹ́ní_Nọ́ọ̀sì fèsì:

Bàbá, a dúpẹ́. Ìbéèrè méjì ló kù lọ́wọ́ mi. Nínú àgọ́ tí èèyàn ẹgbẹ̀rún wà, tí kò sí dókítà ọpọlọ kankan, kí la lè ṣe? Èkejì, àwọn bàbá àti ìyá tó rí ogun Biafra láàárín 1967 sí 1970, tí wọn kò sọ nǹkan kan fún ogójì, àádọ́ta ọdún: kí ló dé tí àwọn kan ń pariwo lóru báyìí tí wọ́n darúgbó?

---

Oníṣègùn_Ọpọlọ fèsì:

Ti àgọ́: ìtọ́jú kan wà tí Àjọ Ìlera Àgbáyé ṣe tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Problem Management Plus. Ìjókòó márùn-ún, ìṣẹ́jú 90 lọ́sẹ̀ kọ̀ọ̀kan. Ẹni tí kì í ṣe dókítà lè kọ́ ọ kó sì máa ṣe é, bí ẹni tó mọ iṣẹ́ bá ń bójú tó o. Ohun tó ń kọ́ni jẹ́ mẹ́rin: mímí pẹ̀lẹ́, yíyanjú ìṣòro kan lẹ́ẹ̀kan, pípadà sí iṣẹ́ díẹ̀díẹ̀, àti wíwá alátìlẹ́yìn. Wọ́n dán an wò ní Peshawar ní Pakistan, ìpayà àti ìrẹ̀wẹ̀sì dín kù. Èkejì ni Self-Help Plus, tí wọ́n fi ohùn tí wọ́n gbà sílẹ̀ kọ́ àwọn obìnrin South Sudan ní Rhino Camp ní Uganda, nǹkan bí ọgbọ̀n èèyàn papọ̀, ìjókòó márùn-ún. Ẹni tí èyí kò bá tó fún, ìgbà náà ni kí ẹ fi ránṣẹ́ sí ilé ìwòsàn ọpọlọ ìjọba àpapọ̀ ní Maiduguri, Yaba tàbí Àró. Ti sójà, ilé ìwòsàn àwọn ọmọ ogun tí wọ́n ń pè ní 44 wà ní Kaduna.

Ti àwọn àgbàlagbà: iṣẹ́ àti ọmọ títọ́ ló bo ìrántí náà mọ́lẹ̀. Nígbà tí ìfẹ̀yìntì bá dé, tí ìyàwó tàbí ọkọ bá kú, tí oògùn bá pọ̀ lára, àkókò ìrònú á ṣí sílẹ̀. Àwọn tí ìgbàgbé ọjọ́ ogbó bá tún ń mú, ìrántí tuntun ló ń kọ́kọ́ lọ, ti ogun á kù sílẹ̀, wọ́n á sì rò pé inú rẹ̀ ni wọ́n wà. Ní Amẹ́ríkà, nígbà tí ogun Vietnam ti pé ogójì ọdún sẹ́yìn, wọ́n ṣírò rẹ̀ pé nǹkan bí 271,000 nínú àwọn tó jà níbẹ̀ ṣì ní PTSD tàbí ohun tó sún mọ́ ọn.

Ẹ̀yin tó ń tọ́jú wọn nílé, ẹ wo àwọn nǹkan wọ̀nyí. Ẹni tí ebi ogun pa lè máa fi búrẹ́dì pamọ́ sábẹ́ ìrọ̀rí. Ẹ má gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ tìbínú-tìbínú, ẹ gbé agolo bísíkíìtì kan síbi tó lè máa rí i, ẹ máa pààrọ̀ èyí tó bá ti bàjẹ́. Ẹ má wọlé bá a lókùnkùn, ẹ má ti ẹ̀yìn fọwọ́ kàn án. Bó bá jẹ́ obìnrin tí wọ́n fipá bá lò nígbà ogun, obìnrin ni kó máa wẹ̀ ẹ́, kó sì máa sọ ohun tó fẹ́ ṣe kó tó ṣe é. Bí wọ́n bá ní ogun ti dé, ẹ má bá wọn jiyàn pé kò sí ogun. Ẹ ní "mo wà pẹ̀lú yín, kò sẹ́ni tó lè wọlé", lẹ́yìn náà ẹ mú wọn lọ síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà. Ẹ yẹ etí àti ojú wọn wò, nítorí ẹni tí kò gbọ́ràn dáadáa a máa ka ìró èyíkéyìí sí ìbọn.

Bí ọpọlọ wọn bá ṣì pé, NET lè ṣiṣẹ́ fún àwọn náà. Ẹ gé ìjókòó sí wákàtí kan, ẹ ṣe é láàárọ̀ tí ara wọn ṣì le, ẹ sì yẹ ẹ̀jẹ̀ ríru wọn wò kí ẹ tó na okùn sílẹ̀.